Ẹ̀dọ̀ Òbúkọ Agbonou

"Bàbá Múítì! Ẹ máa bọ̀ o, ẹ wá wo ohun tí agbádá yín bí!"

Ẹ̀yìnkùlé ni Sẹ̀ríyà ti ń pè. Mùkáílà, ọkọ rẹ̀, ń to aṣọ títà sórí tábìlì níwájú ilé, ṣùgbọ́n bó ti gbọ́ "agbádá," ó ju aṣọ ọwọ́ rẹ̀ sílẹ̀. Ó ti gbàgbé pátápátá! Láti ìrọ̀lẹ́ àná tó ti abúlé Agbonou dé ló ti yẹ kó ju nǹkan náà sínú igbó. Ó sáré gba inú ọ̀dẹ̀dẹ̀ kọjá, ó bá ìyàwó rẹ̀ lórí àpótí, ọpọ́n omi ọṣẹ níwájú rẹ̀. Agbádá funfun tó fi kírun Jímọ̀ wà lórí itan obìnrin náà, epo sì ti gba gbogbo àpò rẹ̀. Ó na ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ kan sókè. Ègé ẹran mẹ́ta ló wà nínú rẹ̀, ó dúdú, ó ti gbẹ.

"Kí lèyí?"

"Ẹran ni."

"Mo rí i pé ẹran ni. Ẹ̀dọ̀ ni pàápàá. Ṣé àpò agbádá ti di ìkòkò ọbẹ̀ nílé yìí ni?"

"Ìyá Múítì, rọra. Àwọn oníbàárà wà níwájú."

"Kí wọ́n gbọ́! Aṣọ tí mo fọ̀ títí tí èékánná mi fẹ́ yọ. Ẹ ò jẹ ẹran, ẹ ò ju ẹran, ẹ wá dì í wọlé fún mi. Ta ló pa á?"

Mùkáílà wo ilẹ̀. Sẹ̀ríyà sì mọ ọkọ rẹ̀, ó mọ̀ pé tó bá ti wo ilẹ̀ báyẹn, ọ̀rọ̀ wà nílẹ̀.

Kò sẹ́ni tó lè bú Mùkáílà ní Atakpamé nígbà náà, ìyẹn lọ́dún tó tẹ̀lé òpin ogun Hítílà. Ṣakété ni baba rẹ̀ ti wá, ṣùgbọ́n ibí ni wọ́n bí òun sí, ibí ló ti kọ́ kéwú, ibí ló ti ń ta aṣọ. Kì í yọ ọ̀pá aṣọ jẹ. Kì í parọ́ ọjà. Ìrun márùn-ún, kì í pa ọ̀kan jẹ nínú rẹ̀. Àbùkù kan ṣoṣo ló ní, ẹ jẹ́ kí n kúkú sọ ọ́: kò fẹ́ kẹ́nikẹ́ni fajú ro nítorí tòun. Bí oníbàárà bá rà, inú rẹ̀ á dùn. Bí kò bá rà, òun ni yóò tún máa bẹ oníbàárà pé kó má bínú. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ ni àwọn èèyàn ní kó lọ bá aláwọ̀ funfun sọ̀rọ̀ ní Lọmé, olú ìlú.

Ilé ìgbìmọ̀ tuntun ni wọ́n fẹ́ dá sílẹ̀ níbẹ̀, wọ́n sì fẹ́ dìbò ní ọjọ́ Àìkú ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀. Gbogbo ayé kọ́ ló máa dìbò o. Àwọn baálẹ̀, àwọn tó ti jagun, àwọn tó mọ̀wé àtàwọn díẹ̀ mìíràn ni wọ́n fún ní káàdì ìdìbò. Àwọn méjì ló ń du ipò náà ní agbègbè yìí: Mùkáílà, àti akọ̀wé kan tó gbọ́ Faransé ju àwọn Faransé fúnra wọn lọ. Káàdì mọ́kànlá ló wà ní Agbonou, ẹni tó bá sì kó mọ́kànlá yẹn ti fẹ́rẹ̀ẹ́ débẹ̀.

"Olúgbódi ló pa á," ni Mùkáílà wí nígbẹ̀yìn. Olúgbódi ni baálẹ̀ Agbonou, ọ̀rẹ́ rẹ̀ àtọjọ́ pípẹ́. "Òbúkọ ni. Kí n tó dé ló ti pa á, tó ti ní kí wọ́n sè é. Ó fọwọ́ ara rẹ̀ gé ẹ̀dọ̀ fún mi lójú gbogbo èèyàn. Ó ní nílé àwọn, tí èèyàn méjì bá ti jọ jẹ ẹ̀dọ̀ ẹran kan, ọ̀rọ̀ wọn ti di ọ̀kan nìyẹn, gbogbo káàdì Agbonou ti di tèmi."

"Ẹni tí kì í kírun ló pa á, ẹ ò sì lè jẹ ẹ́."

"N ò lè jẹ ẹ́."

"Ẹ ò sì lè sọ."

"Báwo ni mo ṣe fẹ́ sọ ọ́, Ìyá Múítì? Inú ọkùnrin náà ń dùn! Mo ń jẹ ẹnu lásán, mo ń mi orí, bó bá ti yíjú, màá fi ewé wé ọ̀kan sápò."

Sẹ̀ríyà fi ọwọ́ ọṣẹ bo ẹnu. Ó fẹ́ bínú, ẹ̀rín ń gbọ̀n ọ́n. Ibi tó ti ń bá ara rẹ̀ jà ni Antoine ti wọlé, ìwé àkọsílẹ̀ lábẹ́ abíyá. Olùkọ́ ni Antoine ní ilé ìwé ìjọ Àgùdà, ọmọ ẹ̀yà Ifẹ̀ agbègbè Atakpamé, tó ń sọ èdè mẹ́rin. Òun ni akọ̀wé Mùkáílà nínú ọ̀rọ̀ ìbò yìí, òun ló sì ń bá a túmọ̀ Faransé.

"Antoine, ó dáa bó o ṣe dé," ni Sẹ̀ríyà wí. "Ẹ jọ wà ní Agbonou lánàá. Kí ló dé tí o ò bá ọ̀gá ẹ jẹ ẹran yìí?"

Antoine wo ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀, ojú tì í díẹ̀. "Màmá, Jímọ̀ ni àná. Àwa ìjọ Àgùdà kì í jẹran ní Jímọ̀."

"Kí lo wá sọ fún wọn?"

"Mo sọ pé Jímọ̀ ni, n kì í jẹran. Wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n bu ẹ̀wà fún mi."

"Ẹ gbọ́!" Sẹ̀ríyà yíjú sí ọkọ rẹ̀. "Ọmọ àná sọ tiẹ̀, wọ́n bu ẹ̀wà fún un. Àgbàlagbà fi tiẹ̀ sápò."

"Màmá, tèmi yàtọ̀," ni Antoine wí. "Èmi, ọjọ́ ni mo kọ̀. Tí Bàbá Múítì bá kọ̀, ọwọ́ ni wọ́n kọ̀ yẹn. Baálẹ̀ fúnra wọn ló di ọ̀bẹ mú. Ẹ jẹ́ ká fi sílẹ̀. Abúlé Glei ló kàn báyìí. Ọjọ́ mẹ́jọ péré ló kù, tá a bá dìbò tán, wọ́n lè lọ tọrọ àforíjì níjọ́ tó bá wù wọ́n."

"Ìyẹn ni pé kí wọ́n kọ́kọ́ gba ìbò, kí wọ́n tó sọ òótọ́?"

"Màmá, báyìí ni ìṣèlú ṣe rí."

"Ta ló sọ fún ẹ? Ìgbà wo lẹ bẹ̀rẹ̀ ìṣèlú, tí o ti mọ bó ṣe rí?" Sẹ̀ríyà gbé agbádá sínú omi. Kò pariwo mọ́. "Bàbá Múítì, ẹ gbọ́ mi. Àwọn èèyàn ò ní kẹ́ ẹ lọ torí Faransé, ẹ ò gbọ́ ọ. Wọn ò ní kẹ́ ẹ lọ torí owó, a ò ní in. Wọ́n ní kẹ́ ẹ lọ torí wọ́n ní ọkùnrin yìí bẹ̀rù Ọlọ́run, kò ní tà wá. Lọmé yẹn tí ẹ̀ ń lọ, oríṣiríṣi ẹran ni wọ́n máa gbé síwájú yín níbẹ̀. Agbádá mélòó lẹ fẹ́ kí n fọ̀?"

Ó wá ń fọ agbádá lọ, ó ń fi gbogbo agbára rún àpò náà. Mùkáílà padà síwájú ilé, ó ta ọ̀pá aṣọ mẹ́rin, àṣìṣe ló sì fi wọn èyí tó kẹ́yìn.

Nígbà tí ìrun ọ̀sán tó, ó lọ sí mọ́ṣáláṣí bó ti máa ń ṣe. Ó gbé ìrun. Ìgbà tó dé àárín, kò mọ̀ mọ́ bóyá ráká kejì lòun wà tàbí ẹ̀kẹta. Irú rẹ̀ kò ṣẹlẹ̀ sí i rí. Ó ń wo ẹ̀yìn lèmọ́mù, bí ìyẹn bá tẹ̀, òun náà á tẹ̀. Bí ìyẹn bá dìde, á dìde, ọkàn rẹ̀ sì wà lọ́dọ̀ òbúkọ. Nígbà tí wọ́n sálámà tán, ó jókòó sórí ẹní, ó kàn jókòó. Ojú ń tì í gidi, kì í ṣe níwájú Olúgbódi nìkan. Ẹni tó ń kírun fún mọ ohun tó wà lápò rẹ̀, ó sì ti mọ̀ ọ́n láti àná.

Antoine ń dúró dè é lábẹ́ igi òdòdó ẹnu ọ̀nà mọ́ṣáláṣí, kẹ̀kẹ́ méjèèjì lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

"Glei?" ni Antoine béèrè.

"Agbonou," ni Mùkáílà wí.

"Bàbá Múítì, ẹ jọ̀ọ́. Mọ́kànlá ni o! Mọ́kànlá!"

"Mo mọ iye tí wọ́n jẹ́. Gun kẹ̀kẹ́ ẹ."

Ọyẹ́ ti mú, eruku ọ̀nà sì fẹ́lẹ́. Antoine ráhùn títí wọ́n fi kọjá ibùdó reluwé. Ó ní òun ò rí irú rẹ̀ rí, pé kí èèyàn fẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn lọ dá ìbò padà fún àwọn tó ti fún un. Mùkáílà ń to ọ̀rọ̀ tó máa sọ lẹ́nu, ó ń tú u, ó tún ń tò ó.

Wọ́n bá Olúgbódi níbi tó máa ń jókòó sí lọ́sàn-án, lábẹ́ àtíbàbà tí wọ́n fi irin ilé wáyà tó wó ní Kamina ṣe òpó rẹ̀. Málọmọ́, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, wà nítòsí, ó ń ṣa òkúta kúrò nínú ẹ̀wà. Arúgbó lobìnrin yìí, òun ló ń bojú tó ojúbọ ìdílé wọn, ẹnu rẹ̀ kì í sì í sinmi.

"Àwọn àna ìbò ti dé!" ni Málọmọ́ wí lédè Ifẹ̀. "Ṣé ẹran ló kù tẹ́ ẹ tún wá jẹ?"

Mùkáílà dọ̀bálẹ̀. Olúgbódi rẹ́rìn-ín, ó ní kó dìde. Kò dìde.

"Bàbá, mo ní ẹjọ́. Ẹ̀dọ̀ tẹ́ ẹ fún mi lánàá, n kò jẹ ẹ́."

Ẹ̀rín kúrò lójú Olúgbódi. "Báwo? Mo fojú ara mi rí i tí ẹnu rẹ ń jẹ."

"Ẹnu lásán ni mo ń jẹ, Bàbá. Inú àpò mi ni mo kó o sí."

"Kí ló ṣe é? Ṣé kò jinná ni?"

"Ó jinná."

"Ṣé ọwọ́ mi ló dọ̀tí?"

"Ọwọ́ yín ò dọ̀tí! Bàbá, ẹ má sọ bẹ́ẹ̀. Àwa tí à ń kírun, ẹni tó bá ń kírun bíi tiwa ló gbọ́dọ̀ pa ẹran ká tó lè jẹ ẹ́, kó sì pe orúkọ Ọlọ́run sí i. Báyìí la ṣe gbà á, n kò lè yí i padà. Ó yẹ kí n ti sọ fún yín lánàá. Ẹ̀rù bà mí pé inú yín á bàjẹ́, ẹ á sì gba káàdì yín padà. Ìdí rẹ̀ méjèèjì nìyẹn. Mo tan yín jẹ níwájú àwọn èèyàn yín. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ forí jì mí."

Olúgbódi wo Mùkáílà tó wà nílẹ̀, ó wo Antoine, Antoine náà wo kẹ̀kẹ́. Mùkáílà gbà pé ó ti tán.

Ni Málọmọ́ bá bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín. Ó kọ́kọ́ rín in kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ sínú igbá ẹ̀wà, nígbà tó yá, èjìká rẹ̀ ń mì.

"Sọ fún un," ló wí fún àbúrò rẹ̀.

"Málọmọ́, dákẹ́."

"Tí o ò bá sọ ọ́, èmi á sọ ọ́. Mùkáílà ọmọ mi, dìde nílẹ̀. Itan àgbò tí o máa ń gbé wá fún wa lọ́dọọdún, lásìkò Iléyá yín."

"Ẹ̀n-ẹ́n, Màmá?"

"A kì í jẹ àgbò nílé yìí. Láti ọjọ́ tí baba ńlá wa ti dó síbí, àgbò kì í kọjá ẹnu ọ̀nà wa. Èèwọ̀ wa ni."

Mùkáílà dìde jókòó. "Ọdún mẹ́fà ni mo ti ń gbé e wá!"

"A mọ̀. A ti kà á."

"Ta ló wá ń jẹ ẹ́?"

"Katikísì ìjọ Àgùdà tó wà lẹ́yìn reluwé," ni Málọmọ́ wí, omi ẹ̀rín ń dà lójú rẹ̀. "Ṣé ẹ ò rí bó ṣe sanra ni?"

Antoine kò lè mú un mọ́ra, ó bú sẹ́rìn-ín, ó fi ìwé àkọsílẹ̀ bo ojú. Mùkáílà gan-an kò mọ ìgbà tí ẹ̀rín já bọ́ lẹ́nu rẹ̀. Itan àgbò mẹ́fà! Itan tó dáa jù ló máa ń yàn, á fi àwo tuntun gbé e, á sì wọ aṣọ tuntun tẹ̀lé e.

"Kí ló dé tẹ́ ẹ ò fi sọ fún mi, Bàbá?"

"Tí o bá ń gbé e bọ̀, inú rẹ máa ń dùn," ni Olúgbódi wí. Òun náà ti ń rẹ́rìn-ín, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò fẹ́. "Mo ní kí ni mo fẹ́ bà á jẹ́ fún?"

Wọ́n rẹ́rìn-ín títí ó fi rẹ̀ wọ́n. Ìgbà tí ẹ̀rín tán, Olúgbódi fa àpótí rẹ̀ sún mọ́ Mùkáílà, ojú rẹ̀ sì ti yí padà.

"Ẹran tá a fi ń tan ara wa jẹ láti ọdún mẹ́fà, kò pa ẹnikẹ́ni. Ọ̀rẹ́ ni wá, a ṣì máa ṣe ọ̀rẹ́. Ṣùgbọ́n Lọmé kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹran. Ìwọ náà rí iṣẹ́ ọ̀nà ọ̀ranyàn tí wọ́n kó wa ṣe láyé ijọ́sí. Àbúrò mi kan bá a lọ, kò padà dé. Wọ́n ní òfin ti fòpin sí i báyìí. Ta ló mọ̀ bóyá wọ́n á fi orúkọ mìíràn pè é lọ́la? Ẹni tá a bá rán, òun ló máa dìde tí yóò ní rárá. Mùkáílà, mo fẹ́ràn rẹ, ìwọ náà sì mọ̀. Ohun tí o kò lè sọ fún èmi tí mo fẹ́ràn rẹ, báwo lo ṣe máa sọ ọ́ fún ẹni tí kò fẹ́ràn rẹ?"

Ọ̀rọ̀ náà wọ Mùkáílà lára. Ohun tí Sẹ̀ríyà sọ ní òwúrọ̀ ni, ṣùgbọ́n ti Olúgbódi dùn ún ju ìyẹn lọ, torí kò sí ọṣẹ àti ẹ̀rín nínú rẹ̀.

"Bàbá," ló wí, "n kò ní agbára kan tí mo lè fi yangàn fún yín. N kì í ṣe alágídí, ẹ̀rù èèyàn máa ń bà mí. Ohun kan ṣoṣo ni mo ní. Ẹ̀ẹ̀márùn-ún ni mò ń dúró níwájú Ọlọ́run lójúmọ́. Lónìí mo lọ kírun ọ̀sán, n kò lè ka ráká mi, nítorí ẹ̀dọ̀ òbúkọ. Ẹ̀dọ̀ lásán o! Tí mo bá wá jókòó ní Lọmé, tí mo fọwọ́ sí i pé kí wọ́n kó ọmọ yín lọ sí ojú ọ̀nà, báwo ni n ó ṣe kírun títí n ó fi kú? N kò lè gbà á. Ohun tó gbé mi padà wá síbí nìyẹn. Òun náà ló máa gbé mi dìde níbẹ̀."

Málọmọ́ ti gbé igbá ẹ̀wà sílẹ̀. "Ọ̀rọ̀ nìyẹn," ló wí. "Ẹni tí kò ní ohun tó ń bẹ̀rù, kí la fẹ́ fi mú un?"

Olúgbódi mi orí díẹ̀díẹ̀. "Ó dáa. Ṣùgbọ́n káàdì kan ṣoṣo ló wà lọ́wọ́ mi. Àwọn mẹ́wàá yòókù rí i tí o jẹ ẹ̀dọ̀, wọ́n sì mú ọ̀rọ̀ rẹ mọ́ tèmi. N kò ní bá ọ bo ohun tó ṣẹlẹ̀, n kò sì ní bá ọ sọ ọ́. Fẹnu ara rẹ sọ ọ́."

Ó ránṣẹ́ pè wọ́n. Kò pẹ́ tí wọ́n fi pé sábẹ́ àtíbàbà, àwọn kan ti oko bọ̀, àdá ṣì wà lọ́wọ́ wọn. Mùkáílà dìde, ó sọ ọ́ látòkèdélẹ̀: ẹ̀dọ̀, àpò, agbádá. Kò fi nǹkan kan pa mọ́. Àwọn kan rẹ́rìn-ín, àwọn kan ní wọn ò rí irú èyí rí. Ọ̀kan nínú wọn, Bàbárímisá, kò rẹ́rìn-ín. Ó ti jagun fún àwọn Faransé, ó sì máa ń wọ kóòtù ológun rẹ̀ títí di ìsinsìnyí, nínú oòrùn, nínú ọyẹ́. Ó dìde.

"Ẹran tí bàbá wa pa kò tó ọ jẹ," ló wí. "Káàdì tèmi náà kò tó ọ gbà."

Ó lọ. Àwọn méjì tẹ̀lé e. Antoine ta Mùkáílà lẹ́sẹ̀ pé kó sáré bá wọn, kó bẹ̀ wọ́n. Ẹsẹ̀ Mùkáílà fẹ́ gbéra lóòótọ́. Ojú ẹni tó bá fajú ro sí i kì í jẹ́ kó gbádùn. Ó dúró síbi tó wà. Ó ti sọ òótọ́ fún wọn, wọ́n sì lẹ́tọ̀ọ́ láti bínú.

Ọ̀kan nínú àwọn tó kù béèrè pé ṣé yóò búra fún àwọn pé iṣẹ́ ọ̀ranyàn kò ní padà wá mọ́ láéláé. Ó ní akọ̀wé tí wọ́n jọ ń du ipò náà ti búra.

"Mo lè búra pé n ó sọ ọ́ ní Lọmé, ní gbangba," ni Mùkáílà wí. "N kò lè búra pé wọ́n á gbọ́. Ìyẹn kò sí lọ́wọ́ mi."

Wọ́n wo ara wọn. Kò sẹ́ni tó tún dìde lọ.

Bí wọ́n ti ń padà lọ sílé, Antoine dúró lẹ́bàá ọ̀nà, ó fa ìlà sórí orúkọ mẹ́ta nínú ìwé rẹ̀. Ìyẹn dùn ún dénú. "Mẹ́jọ ló kù, Bàbá Múítì. Lówùúrọ̀ yìí, mọ́kànlá ni a ní."

"Lówùúrọ̀ yìí, kò sí ọ̀kankan nínú wọn tó mọ ẹni tó fẹ́ rán níṣẹ́," ni Mùkáílà wí. Ó gun kẹ̀kẹ́, ó sì ń kọrin wáká lọ́nà. Inú rẹ̀ dùn débi pé Antoine bẹ̀rẹ̀ sí í bínú sí i.

Lọ́jọ́ kejì ní Glei, kí baálẹ̀ ibẹ̀ tó ránṣẹ́ pe alásè, Mùkáílà ti bi í pé, "Bàbá, kí ni ẹ kì í jẹ nílé yìí? Kí èmi náà lè sọ tèmi." Ọkùnrin náà wò ó bí ẹni tí wọn kò bi ní irú rẹ̀ rí. Wọ́n fi ìdajì ọjọ́ sọ̀rọ̀ èèwọ̀, kí wọ́n tó rántí ìbò.

Wọ́n dìbò ní ọjọ́ Àìkú tó tẹ̀lé e, wọ́n kà á, wọ́n tún un kà. Díẹ̀ báyìí ni Mùkáílà fi borí, kò tó ogún ìbò. Nígbà tí ìròyìn dé, Sẹ̀ríyà jókòó sílẹ̀ gbàgà níwájú ilé, ó ń sunkún, ó ń rẹ́rìn-ín, ó ní kí ẹnikẹ́ni má bá òun sọ̀rọ̀. Lẹ́yìn náà ó dìde, ó lọ pe àáfà kó wá pa ẹyẹ awó mẹ́rin, torí àlejò á pọ̀.

Àlejò sì pọ̀ lóòótọ́, ọjọ́ mẹ́ta gbáko. Lọ́sàn-án ọjọ́ kẹta, nígbà tí ilé ti ń dá díẹ̀díẹ̀, Bàbárímisá wọlé, ó wọ kóòtù rẹ̀. Ó dúró sẹ́nu ọ̀nà, kò jókòó.

"N kò dìbò fún ọ," ló wí.

"Mo mọ̀," ni Mùkáílà wí. "Ẹ káàbọ̀."

"Mo fẹ́ sọ ọ́ fún ọ lójúkojú. Mo ní kí o má lọ rò pé àwa mẹ́ta ti yí ọkàn padà."

"Ẹ ṣeun. Ẹ jókòó."

Ó jókòó, ṣùgbọ́n etí àga ló jókòó sí.

"Ẹran inú agolo ni wọ́n ń fún wa lójú ogun. Kò sẹ́ni tó bi wá pé kí la máa ń jẹ, kí ni a kì í jẹ. Wọ́n á ṣí i, wọ́n á há a, àwa á jẹ ẹ́. Nígbà tí mo gbọ́ pé o kọ ẹran Olúgbódi, mo ní, ta ló sọ fún eléyìí pé èèyàn lè kọ̀? Inú bí mi títí mo fi délé. Ó tó ọjọ́ mélòó kan kí n tó mọ̀ pé ìwọ kọ́ ni inú ń bí mi sí."

Omi fẹ́ bọ́ lójú Mùkáílà, ó sì mọ̀ pé ọkùnrin yìí kò ní fẹ́ rí i. Ó béèrè ohun tó ti ń béèrè láti Glei.

"Kí ni ẹ kì í jẹ?"

"Èmi? Kò sí ohun tí n kì í jẹ."

"Ilé bàbá yín ni mo ń béèrè."

Bàbárímisá wo ọwọ́ ara rẹ̀. Ó tú bọ́tìnì òkè kóòtù náà, ó tún un dè. "Awó," ló wí nígbẹ̀yìn, ohùn rẹ̀ lọ sílẹ̀. "Ilé bàbá mi kì í jẹ awó."

Sẹ̀ríyà ti yọ sẹ́nu ọ̀nà ọ̀dẹ̀dẹ̀ nígbà yẹn, àwo awó tó ń gbóná lọ́wọ́ rẹ̀. Ó gbọ́ ọ. Ó yí padà síbi tó ti wá láìsọ ọ̀rọ̀ kan, wọ́n sì gbọ́ tó gbé àwo sílẹ̀, tó ń fẹ́ iná.

"Ẹ fún mi láyè díẹ̀," ló ké láti ẹ̀yìnkùlé. "Iṣu ni mò ń gbé kaná fún àlejò wa."

Bàbárímisá gbé ìdí kúrò létí àga, ó jókòó dáadáa.